Ọ̀gá-Ọkọ̀ Tí Ọ̀sán Ń Gba Àṣẹ Lọ́wọ́ Rẹ̀

Ẹni tó bá ń wá ìtàn akọni, kó má ṣèyọnu láti ka èyí. Ọkùnrin tí mo fẹ́ sọ̀rọ̀ rẹ̀ kò ṣe akọni rí, ṣùgbọ́n bí ẹ bá rí bó ṣe ń rìn, ẹ ó rò pé òun ló gbẹ́ òkun tó sì da omi sí i.

Orúkọ rẹ̀ ni Marmaduke Pellingford, ọ̀gá-ọkọ̀ ogun Patience, láyé Ọba George, nígbà tí àwa àti àwọn ará Faransé ń bá ara wa jà lójú omi. Ẹ̀gbọ́n ìyá rẹ̀ kan mọ ọkùnrin kan tó mọ ọkùnrin mìíràn ní London, bẹ́ẹ̀ ni Marmaduke ṣe di ọ̀gá. Ogun kan ṣoṣo ló jà láyé rẹ̀, inú yàrá rẹ̀ ló sì ti jà á. Ó dùbúlẹ̀, ó gbé garawa lé àyà, ó ń bì. Nígbà tí ìró àgbá dákẹ́, ó fọ ẹnu, ó wọ kóòtù, ó jáde wá béèrè pé ta ló borí. Wọ́n ní àwa ni. Ó ní òun kúkú ti mọ̀. Ó padà wọlé, ó kọ lẹ́tà ojú ìwé mẹ́rìnlá sí London nípa bí òun ṣe ṣẹ́gun. Kò sí orúkọ ẹlòmíràn nínú lẹ́tà náà àyàfi tirẹ̀ àti ti Ọlọ́run, ti Ọlọ́run kò sì ju ẹ̀ẹ̀kan lọ.

Igba ọkùnrin ó lé ọgbọ̀n ló wà lábẹ́ rẹ̀ nínú ọkọ̀ Patience. Òfin tó ṣe fún wọn pọ̀ ju okùn tó wà nínú ọkọ̀ lọ. Bí ìránṣẹ́ bá gbé fìlà Ọ̀gá-Ọkọ̀ lọ síbi tí wọ́n ti ń gbọn eruku rẹ̀, gbogbo ẹni tó bá pàdé fìlà náà gbọ́dọ̀ ṣí tirẹ̀ kó sì tẹrí ba fún un. Nat Bunce, ẹni tó ń rán aṣọ ìgbòkun, tí ẹnu rẹ̀ mú ju abẹ́rẹ́ rẹ̀ lọ, máa ń sọ pé òun fẹ́ràn ọjọ́ tí fìlà bá dá wá.

"Tí orí ò bá sí nínú ẹ̀," ó ní, "kì í sọ̀rọ̀."

Àwọn méjì ló ń fi ìyìn bọ́ Ọ̀gá-Ọkọ̀ bí ẹni ń bọ́ adìẹ Kérésìmesì. Ọ̀kan ni igbákejì rẹ̀, Septimus Lisle, ọkùnrin tẹ́ẹ́rẹ́ tí ẹ̀yìn rẹ̀ ti gbàgbé bí wọ́n ṣe ń dúró tààrà. Èkejì ni Àlùfáà Mould, tó ń jẹun lórí tábìlì Ọ̀gá-Ọkọ̀, tó sì ń gbàdúrà ní ìbámu pẹ̀lú ohun tó bá wà nínú àwo. Ní àárọ̀, Pellingford á jáde, á fa atẹ́gùn símú, á ní, "Afẹ́fẹ́ yìí dára." Lisle á ní, "Ó gbọ́ pé ẹ ti jí ni, ọ̀gá mi." Àlùfáà á ní, "Àmín."

Ẹnì kan ni kò bá wọn ṣe àmín yẹn. Josiah Curnow ni, afinimọ̀nà ọkọ̀, ará Plymouth wa níhìn-ín, àgbàlagbà tí kò sọ̀rọ̀ púpọ̀. Gbogbo ọkọ̀ ló ń pè é ní Bàbá Curnow. Òun ló ń mọ ibi tí ọkọ̀ wà nígbà tí kò sí ilẹ̀ lójú.

Ẹ jẹ́ kí n sọ bó ṣe ń mọ̀ ọ́n, nítorí ibẹ̀ ni wàhálà ti bẹ̀rẹ̀. Lójú omi, ọ̀sán ni ọjọ́ tuntun ti ń bẹ̀rẹ̀. Bí oòrùn bá gun òkè títí tí kò lè gùn mọ́, Bàbá Curnow á gbé irinṣẹ́ onígi rẹ̀ sójú, á wọn bí oòrùn náà ṣe ga tó, á sì ti ibẹ̀ mọ̀ bóyá ọkọ̀ wà lókè ní àríwá tàbí nísàlẹ̀ ní gúúsù. Á sọ fún igbákejì ọ̀gá. Igbákejì ọ̀gá á ṣí fìlà, á sọ fún Ọ̀gá-Ọkọ̀ pé, "Ọ̀sán ti pọ́n, sà." Ọ̀gá-Ọkọ̀ á dáhùn pé, "Kó pọ́n." Ìgbà náà ni wọ́n á lu agogo, wọ́n á kọ ọjọ́ tuntun sínú ìwé ọkọ̀, àwọn ọkùnrin á sì lọ jẹun. Àṣà àtijọ́ ni. Gbogbo ọ̀gá-ọkọ̀ ló ń sọ "Kó pọ́n" yẹn bí ẹni tó ń dáhùn ẹ káàárọ̀. Kò sí ọ̀kan nínú wọn tó rò pé bí òun kò bá sọ ọ́, oòrùn á dúró de òun.

Àfi Pellingford.

Ọkọ̀ Patience ti lo ọdún méjì ní àwọn erékùṣù ibi tí ṣúgà ti ń wá, ó sì ti kọjú sílé. Lẹ́tà kan ti dé látọ̀dọ̀ ẹ̀gbọ́n ìyá Pellingford pé bó bá kó ọkọ̀ náà dé Plymouth láìfarapa, Ọba máa fi idà kàn án léjìká, wọ́n á sì máa pè é ní Sir Marmaduke. Láti ọjọ́ náà ni kò ti tún ka ara rẹ̀ mọ́ èèyàn. Àwọn ọkùnrin yòókù kò ní lẹ́tà kankan. Ilé ni wọ́n ń fẹ́. Nat Bunce ní ìbejì tí kò tíì fojú kàn. Ìyàwó Bàbá Curnow, Tamsin, máa ń dúró pẹ̀lú àwa yòókù létí omi bí ọkọ̀ kan bá ti yọ lókèèrè. Gbogbo wọn ló sì mọ̀ pé bí wọ́n bá ṣìnà díẹ̀ ní òpin ìrìn-àjò náà, bí wọ́n bá lọ sísàlẹ̀ jù, ẹ̀wọ̀n àwọn ará Faransé ni wọ́n máa sùn sí.

Ó ku nǹkan bí ọ̀sẹ̀ mẹ́ta kí wọ́n délé nígbà tí agogo ọ̀sán lù lọ́jọ́ kan tí Pellingford ṣì wà lórí àga tí wọ́n ń fi àtíkè kun wíìgì rẹ̀. Lisle ti kan ilẹ̀kùn, ọ̀gá kò gbọ́. Pellingford sáré jáde, apá kan ojú rẹ̀ funfun, apá kejì pupa.

"Ta ló lu agogo?"

"Èmi ni mo ní kí wọ́n lù ú, sà," Bàbá Curnow dáhùn. "Ọ̀sán ti pọ́n."

"Ta ló ní kó pọ́n?"

Bàbá Curnow wo òkè, ó wo ọ̀gá rẹ̀. "Oòrùn ni, sà."

"Ṣé oòrùn ni Ọba George fi ṣe olórí ọkọ̀ yìí?"

"Rárá, sà."

"Lisle, lọ mú ìwé àṣẹ mi wá. Kà á sókè."

Lisle kà á. Ó wà níbẹ̀ pé Ọba fi Marmaduke Pellingford ṣe olórí ọkọ̀ Patience àti gbogbo ohun tó bá jẹ mọ́ ọn.

"Oòrùn tó ń tàn sórí ọkọ̀ mi," Pellingford wí, "ṣé kò jẹ mọ́ ọkọ̀ mi ni?"

Lisle ronú fún ìgbà tó yẹ kí olóòótọ́ èèyàn fi ronú. "Ó jẹ mọ́ ọn gan-an, ọ̀gá mi. Orí rẹ̀ gan-an ló wà."

Bẹ́ẹ̀ ni òfin tuntun ṣe jáde. Láti ọjọ́ náà lọ, ọ̀sán kò gbọdọ̀ pọ́n nínú ọkọ̀ Patience títí Ọ̀gá-Ọkọ̀ á fi múra tán. Ẹnikẹ́ni kò sì gbọdọ̀ wọn oòrùn ṣáájú ìgbà náà, nítorí ẹni tó bá kọ́kọ́ wo ohun tó ga, kó tó wo ọ̀gá rẹ̀, ti fi ọ̀gá rẹ̀ wọ́lẹ̀. Ìmúra náà máa ń gba nǹkan bí ogójì ìṣẹ́jú lẹ́yìn tí oòrùn bá ti kúrò lókè pátápátá. Wíìgì nìkan ń gba ìdajì rẹ̀.

Bàbá Curnow tọ̀ ọ́ lọ. Ó fi ọwọ́ ṣàpèjúwe bí ẹni ń kọ́ ọmọ ilé-ìwé.

"Ọ̀gá mi, ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbọ́ mi. Tí oòrùn bá ti kọjá ọ̀sán, ó ti ń sọ̀kalẹ̀ nìyẹn. Ìwọ̀n rẹ̀ á kéré. Tó bá sì kéré, ìwé á sọ pé a wà lókè ní àríwá ju ibi tí a wà lọ. A ó máa rò pé a kọjú sí Plymouth, bẹ́ẹ̀ ẹnu ọ̀nà àwọn ará Faransé là ń lọ."

"Ìwọ Curnow, ọdún mélòó lo ti ń wọn oòrùn?"

"Ọdún mọ́kànlélọ́gbọ̀n, sà."

"Nínú gbogbo ọdún yẹn, ṣé ẹnì kan ti pàṣẹ fún un rí?"

"Rárá, sà."

"O wá rí i báyìí. Ẹ ò tíì gbìyànjú ẹ̀ ni."

Lọ́jọ́ Àìkú, Àlùfáà Mould wàásù lórí ọ̀rọ̀ náà. "Ẹ̀yin ará mi," ó ní, "ta ni oòrùn? Ìránṣẹ́ ni. Ọlọ́run dá a láti sìn wá. Ìránṣẹ́ rere wo ló ń wọ yàrá kí ọ̀gá rẹ̀ tó wọ ṣòkòtò tán?" Ó wàásù fún wákàtí kan ààbọ̀. Ọdún púpọ̀ ni mo ti ń lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì, mo sì ti gbọ́ ìwàásù oríṣiríṣi, àwọn mìíràn tó múni sùn, àwọn mìíràn tó múni sunkún. Èmi kò tíì gbọ́ èyí tí wọ́n ti fi Ẹlẹ́dàá ṣe ìránṣẹ́ tó ń wọṣọ fún Ọ̀gá-Ọkọ̀ rí. Ṣùgbọ́n ní ọ̀sán ọjọ́ náà, ẹran ẹlẹ́dẹ̀ sísun wà lórí tábìlì Pellingford, Àlùfáà sì gba ẹ̀ẹ̀mẹta.

Àwọn ọkùnrin ni kò rí nǹkan jẹ. Oúnjẹ wọn kò lè jáde kí ọ̀sán tó pọ́n, ọ̀sán kò sì pọ́n. Wọ́n á jókòó ti bísíkítì líle àti ẹran oníyọ̀ tó ti ń tutù, wọ́n á máa wo ilẹ̀kùn yàrá Ọ̀gá-Ọkọ̀.

"Bàbá," Nat Bunce á béèrè, "aago mélòó ni báyìí?"

"Ó ti kọjá méjìlá tipẹ́."

"Ikùn mi ti lu agogo ọ̀sán tiẹ̀ ní tèmi. Ṣé ẹ ò lè bá mi sọ fún Ọ̀gá pé ikùn mi ń ṣọ̀tẹ̀ sí ìjọba?"

"Panu mọ́, Nat."

"Mo ti ń pa á mọ́, Bàbá. Kò sóhun tí mo rí fi sínú ẹ̀."

Bàbá Curnow kò lè fara mọ́ irọ́ tí wọ́n ń kọ sínú ìwé ọkọ̀. Lójoojúmọ́, ó ń yọ́ lọ sí ẹ̀yìn òpó ńlá nígbà tí ọ̀sán gidi bá pọ́n, ó ń wọn oòrùn, ó sì ń kọ ọ́ sórí sìléètì kékeré kan. Lisle rí i lọ́jọ́ kẹfà. Ní wákàtí kan náà ni Pellingford ti gbọ́.

"Ọ̀sán méjì nínú ọkọ̀ kan," ó ní, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í rìn síwá sẹ́yìn. "Lónìí ọ̀sán méjì. Lọ́la ọ̀gá méjì. Lọ́tùn-únla ọba méjì. Curnow, ṣé o mọ̀ pé wọ́n ń so èèyàn kọ́ torí irú èyí?"

"Mo mọ̀, sà. Ṣùgbọ́n igba èèyàn ó lé ọgbọ̀n ló wà nínú ọkọ̀ yìí. Mo fẹ́ kí wọ́n délé."

"Èmi ni mo máa mú wọn délé. Èmi."

Ó fọwọ́ ara rẹ̀ nu sìléètì náà. Ó gba irinṣẹ́ ìwọn-oòrùn, ó tì í mọ́ inú àpótí tó ń kó wíìgì sí, ó sì fi kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ kọ́rùn. Láti ọjọ́ náà, Lisle ló ń wọn oòrùn, ogójì ìṣẹ́jú lẹ́yìn ọ̀sán. Ohunkóhun tó bá sì rí, á kọ́kọ́ béèrè lọ́wọ́ Ọ̀gá-Ọkọ̀ bóyá ó tẹ́ ẹ lọ́rùn.

Nígbà tí jíjìn omi bẹ̀rẹ̀ sí í dín kù, tí ilẹ̀ ti ń sún mọ́, Bàbá Curnow gbìyànjú lẹ́ẹ̀kan sí i. Ẹ mọ̀ bí àwọn atukọ̀ wa ṣe ń ṣe: wọ́n á ju òjé ńlá sínú omi, wọ́n á ti fi ọ̀rá pa ìdí rẹ̀, kí ohun tó wà nísàlẹ̀ lè lẹ̀ mọ́ ọn. Ẹni tó gbọ́n, bó bá rí iyanrìn tí òjé gbé wá, á mọ ibi tó wà bí ẹ ṣe ń mọ àdúgbò yín. Bàbá Curnow mú díẹ̀ nínú rẹ̀, ó fi ìka pa á, ó fi kan ahọ́n. Ó gbé òjé náà tọ Ọ̀gá-Ọkọ̀ lọ.

"Ọ̀gá mi, iyanrìn wa kò rí báyìí. Èyí funfun, ìkarahun fífọ́ ló kún inú ẹ̀. Ẹ̀bá ilẹ̀ Faransé la wà. Ẹ jọ̀ọ́, kí a yí sí àríwá. Ọjọ́ kan péré ló máa gbà wá."

Pellingford kò fọwọ́ kan òjé náà. "Ṣé ẹrọ̀fọ̀ ló kù tó máa sọ ibi tí mo wà fún mi?"

"Bóyá iyanrìn náà ló ṣìnà, ọ̀gá mi," Lisle wí.

"Bóyá," Pellingford wí. "Omi a máa gbé e kiri. Ojú ọ̀nà kan náà ni kí ẹ máa lọ."

Ní ọjọ́ kejì, ní kùtùkùtù, ilẹ̀ yọ nínú kùrukùru. Àwọn òkè dúdú, ẹnu omi tóóró kan, ilé ológun tí wọ́n fi òkúta kọ́ ní ẹ̀gbẹ́ méjèèjì. Pellingford jáde pẹ̀lú wíìgì, kóòtù aláwọ̀ aró tí bọ́tìnnì rẹ̀ ń dán, àti idà.

"Plymouth," ó ní.

Bàbá Curnow ṣí fìlà. Ohùn rẹ̀ kò ga, ṣùgbọ́n gbogbo ọkọ̀ gbọ́ ọ. "Ọ̀gá mi, Plymouth ni wọ́n bí mi sí. Ibẹ̀ ni mo bí ọmọ mẹ́rin sí. Mi ò mọ ìkankan nínú àwọn òkè wọ̀nyí. Ẹ jẹ́ ká yí padà báyìí, torí Ọlọ́run. Tí a bá wọ ẹnu omi yẹn, a ò ní jáde mọ́."

Ìwọ òǹkàwé, ní ibi yìí, mo máa ń fi ìwé sílẹ̀ kí n mí díẹ̀. Nítorí afẹ́fẹ́ ṣì dára nígbà náà, ọ̀nà ṣì ṣí lẹ́yìn wọn, igba ọkùnrin ó lé ọgbọ̀n sì dúró tí wọ́n ń wo ẹnu ẹnì kan ṣoṣo.

"Ẹ mú un lọ sísàlẹ̀," Pellingford wí. "Ẹ tì í mọ́lé. Ó fẹ́ fi ẹnu sọ ilẹ̀ Ọba George di ilẹ̀ Faransé."

Wọ́n mú un lọ. Ọkọ̀ Patience sì wọlé.

Àsíá kan wà lókè ilé ológun náà. Ẹ̀yin náà mọ̀ pé aṣọ funfun lásán ni àsíá àwọn ọmọ ogun ojú omi Faransé nígbà náà. Pellingford rí i nínú kùrukùru, ó béèrè ìdí tí wọ́n fi ta aṣọ funfun.

"Ọkàn yín ló mọ́, ọ̀gá mi," Àlùfáà Mould dáhùn. "Wọ́n ti gbọ́ nílé."

"Wọ́n ṣeun. Ẹ yìnbọn kí wọn."

Àgbá mẹ́rìndínlógójì ló wà nínú ọkọ̀ náà. Àṣà ni pé kí wọ́n yìn díẹ̀, pẹ̀lú ẹ̀tù nìkan, láìsí ọta. Pellingford ní kí wọ́n yìn gbogbo rẹ̀, nítorí ẹni tí Ọba fẹ́ fi joyè kò gbọdọ̀ yọ́ wọlé. Bẹ́ẹ̀ ni ọkọ̀ ogun ilẹ̀ wa ṣe wọ inú èbúté ọ̀tá ní ojúmọ́ kedere, tó tú gbogbo ìbọn rẹ̀ sófo, tó sì ju ìdákọ̀ró sílẹ̀ jẹ́jẹ́.

Àwọn ará Faransé kò yìnbọn padà. Wọn kò mọ ohun tí wọ́n fẹ́ ṣe ni. Nígbà tí wọ́n gbìmọ̀, wọ́n fohùn ṣọ̀kan pé ọkọ̀ tó bá wá báyìí, ó wá láti túúbá ni. Wọ́n rán ọ̀gá èbúté, Kerléan, ọkùnrin oníwà jẹ́jẹ́ kan, pẹ̀lú ọkọ̀ kékeré mẹ́jọ tó kún fún ọmọ ogun.

Kerléan gun orí ọkọ̀, ó tẹrí ba, ó sọ̀rọ̀ gígùn kan ní èdè Faransé.

"Kí ló dé tó ń sọ èdè yẹn?" Pellingford rọra béèrè.

Ojú Lisle ti ń funfun ju wíìgì lọ, ṣùgbọ́n ahọ́n rẹ̀ kò mọ iṣẹ́ mìíràn. "Èdè Faransé ni àwọn èèyàn ńlá ń sọ ní ààfin, ọ̀gá mi."

"Mo mọ̀. Ṣe ni mo ń dán ẹ wò."

Kerléan na ọwọ́ méjèèjì síwájú. Àṣà ìtúúbá ni pé kí ọ̀gá-ọkọ̀ fi idà rẹ̀ lé e. Ṣùgbọ́n ojú Pellingford kò rí ọwọ́ ẹni tó ń gba ẹrú ogun. Ọwọ́ ẹni tó fẹ́ fi idà kàn án léjìká ló rí. Ó fa idà yọ, ó gbé e lé ọwọ́ Kerléan, ó ká kóòtù rẹ̀ sẹ́yìn, ó kúnlẹ̀ lórí eékún kan, ó tẹ orí ba, ó sì ń dúró.

Wọ́n ní ó tó ìṣẹ́jú mẹ́ta gbáko. Nat Bunce ló kọ́kọ́ lóye ohun tí wọ́n ń wò, ó fi fìlà bo ojú, kò sì sẹ́ni tó mọ̀ bóyá ẹ̀rín ló ń rín tàbí ẹkún ló ń sun. Kerléan kò rí ọ̀tá tó ń túúbá pẹ̀lú ìrẹ̀lẹ̀ tó báyìí rí. Ọ̀rọ̀ náà wọ̀ ọ́ lára. Ó fà á dìde, ó fẹnu kò ó lẹ́rẹ̀kẹ́ méjèèjì, ó sì kó gbogbo wọn lọ sẹ́wọ̀n.

Wọ́n fún Pellingford ní yàrá kan nínú ilé opó kan nínú ìlú, nítorí ọ̀gá-ọkọ̀ ni. Àwọn ọkùnrin rẹ̀ lọ sùn lórí koríko nínú ilé òkúta tí wọ́n ti ń lọ́ okùn tẹ́lẹ̀. Ọbẹ̀ kábéèjì àti búrẹ́dì dúdú ni wọ́n ń jẹ. Oṣù méje ni wọ́n lò. Òtútù mú wọn, ikọ́ wọ ilé náà, ọkùnrin méjì sì kú. Èmi kò fi ibẹ̀ ṣẹ̀fẹ̀. Mo mọ ìyá ọ̀kan nínú wọn.

Ní oṣù keje, Kerléan mú ìròyìn ayọ̀ wá. Ìjọba méjèèjì ti gbà láti pààrọ̀ àwọn tí wọ́n mú. Àwọn ará Faransé kan wà ní àhámọ́ ní Plymouth. Atukọ̀ máa lọ dípò atukọ̀, ọ̀gá dípò ọ̀gá. Ìwé ti wà nílẹ̀, Pellingford nìkan ló kù tó máa fọwọ́ sí i, ọkọ̀ tó máa kó wọn sì ń lọ ní ọjọ́ kẹta.

"Ta ni wọ́n fẹ́ fi èmi pààrọ̀?" Pellingford béèrè.

Kerléan, tó gbọ́ èdè wa díẹ̀, wo ìwé rẹ̀. "Ọ̀gá-ọkọ̀ bíi tiyín. Ọkọ̀ tirẹ̀ kéré. Àgbá mẹ́rìnlá."

"Mẹ́rìnlá. Tèmi mẹ́rìndínlógójì." Pellingford ṣírò lórí ìka. "Ẹ lọ sọ fún wọn pé kí wọ́n wá irú rẹ̀ méjì àti àbọ̀. Láìṣe bẹ́ẹ̀, mi ò fọwọ́ sí nǹkan kan."

"Àbọ̀ ọ̀gá-ọkọ̀, sà?"

"Ìyẹn, ìṣòro tiyín ni."

Lisle bẹ̀ ẹ́, ó kọ̀. Àlùfáà gbàdúrà, Pellingford ní kó lọ gbà á síbòmíràn. Ó ku ọjọ́ kan. Nínú ilé òkúta, àwọn ọkùnrin ti ń di ẹrù tí wọn kò ní. Bàbá Curnow wò wọ́n, ó wo Nat Bunce, tí egungun ti yọ lọ́rùn. Ó ní kí wọ́n mú òun lọ rí Ọ̀gá-Ọkọ̀.

Ní ọdún mọ́kànléláàádọ́ta tí Josiah Curnow ti wà láyé, kò tíì pọ́n ẹnikẹ́ni lé ju bó ṣe yẹ lọ. Kò mọ ibi tí wọ́n ti ń bẹ̀rẹ̀. Ó dúró, ó ń yí fìlà lọ́wọ́.

"Ọ̀gá mi, mo wá tọrọ àforíjì. Mo ti rò ó. Ẹ jàre."

Pellingford jókòó dáadáa. "Máa wí."

"Kò sí nǹkan tí wọ́n lè fi yín pààrọ̀. Ọ̀gá-ọkọ̀ méjì àti àbọ̀ kò tó, sà. Mẹ́wàá ò tó. Bí ẹ bá gbà kí wọ́n kọ orúkọ yín sínú ìwé kan náà pẹ̀lú èmi àti Bunce, pẹ̀lú ẹni tó ń gbálẹ̀ ọkọ̀, gbogbo ayé á sọ pé irú ẹgbẹ́ kan náà ni wá."

"Mo ti ń sọ ọ́ láti ọjọ́ yìí."

"Àwa, ẹ lè tú wa sílẹ̀. Ẹ fọwọ́ sí tiwa bí ọba ṣe ń dá ẹlẹ́wọ̀n sílẹ̀. Ẹ fa orúkọ tiyín yọ. Kí àwọn ará Faransé wá bí wọ́n ṣe máa wá ẹni tó tó yín. Kò ní rọrùn fún wọn, sà."

Pellingford wò ó títí. Omi lé sí i lójú. "Curnow," ó ní, "ó ṣe mí láàánú pé o pẹ́ kó o tó mọ̀ mí."

Ó mú kálámù, ó fa orúkọ ara rẹ̀ yọ, ó fọwọ́ sí i fún gbogbo àwọn yòókù. Bàbá Curnow jáde, ó fara ti ògiri, ó bẹ Ọlọ́run pé kó dárí irọ́ náà ji òun. Mo lérò pé ó ti dárí jì í. Èmi ti dárí jì í.

Kerléan ní kò burú, ọ̀gá-ọkọ̀ tiwọn náà á dúró de ìgbà mìíràn. Nígbà tí àwọn ọkùnrin ń wọkọ̀, Àlùfáà Mould ló kọ́kọ́ wọ̀ ọ́. Lisle di ọwọ́ Ọ̀gá-Ọkọ̀ mú, ó ní òun ì bá dúró tì í, ṣùgbọ́n òun kò yẹ lẹ́ni tó ń bá irú rẹ̀ jókòó sí àhámọ́ kan. Pellingford ní òótọ́ ni.

Wọ́n dé Plymouth ní ọjọ́ karùn-ún. Mo wà létí omi lọ́jọ́ náà. Tamsin Curnow di kóòtù ọkọ rẹ̀ mú, kò fi í sílẹ̀ títí wọ́n fi délé. Ìbejì Nat Bunce sá fún un, wọ́n ní àwọn kò mọ ọkùnrin tó gbẹ yìí.

Ilé-ẹjọ́ àwọn ológun jókòó nínú oṣù náà. Wọ́n ṣí ìwé ọkọ̀, tí Kerléan ti fi ránṣẹ́ pẹ̀lú àwọn ọkùnrin náà. Níbẹ̀, lọ́jọ́ lẹ́yìn ọjọ́, ni Pellingford fúnra rẹ̀ ti kọ ọ́ pé ọ̀sán pọ́n nígbà tí òun ní kó pọ́n. Àwọn adájọ́ kà á lẹ́ẹ̀mejì, nítorí wọ́n rò pé ojú ló ń ṣe wọ́n. Wọ́n dá Bàbá Curnow láre. Wọ́n pa orúkọ Marmaduke Pellingford rẹ́ kúrò láàárín àwọn ọ̀gá-ọkọ̀, wọ́n sì kọ̀wé sọ fún àwọn ará Faransé.

Kerléan gba ìwé náà, kò sì mọ ibi tó máa ka Pellingford sí. Kì í ṣe ọ̀gá-ọkọ̀ mọ́. A kò lè fi pààrọ̀ igbákejì ọ̀gá. Atukọ̀ lásán kọ́, nítorí wọ́n fún un ní okùn kó ta kókó, kò lè ta á. Ó wo ìwé tó ń sọ iye tí ẹnì kọ̀ọ̀kan tó títí ó fi dé ìsàlẹ̀ pátápátá. Alásè ọkọ̀ ló wà níbẹ̀. Alásè kan ṣoṣo ló sì kù fún wọn ní àhámọ́ ní Plymouth, ará ilẹ̀ wọn kan tó ń jẹ́ Corentin Le Goff. Wọ́n kọ orúkọ méjèèjì sí ìlà kan náà.

Lọ́tẹ̀ yìí, Pellingford fọwọ́ sí i láìbéèrè nǹkan kan. Oṣù mẹ́rin tó fi dá nìkan jẹ ọbẹ̀ kábéèjì, tí kò sí ẹni tó ń ṣe àmín, ti ṣe iṣẹ́ rẹ̀.

Ní Plymouth, wọ́n gbé ìwé náà síwájú Corentin, wọ́n fún un ní kálámù. Ọkùnrin náà kúrú, ọwọ́ rẹ̀ kún fún àpá iná, ó sì ti ń se ọbẹ̀ fún gbogbo ilé àhámọ́ náà láti ọdún kan, tó fi jẹ́ pé àwọn ẹ̀ṣọ́ wa pàápàá ń tò láti gba ọbẹ̀ rẹ̀. Ó béèrè ẹni tí wọ́n fẹ́ fi òun pààrọ̀. Wọ́n sọ fún un. Ó béèrè ohun tí onítọ̀hún mọ̀ ọ́n ṣe.

Àwọn ẹ̀ṣọ́ wo ara wọn. Wọ́n sọ fún un, láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin.

Corentin gbọ́ ọ tán. Ó gbé kálámù kalẹ̀, ó tì í sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan pẹ̀lú ìka, ó sì padà sídìí ìkòkò rẹ̀. Ó ní òun á kúkú dúró.